Ta ló lè lé ẹni tó yá ṣọ́ọ̀bù lọ́wọ́ ayálégbé?

Ẹ jẹ́ kí a fi obìnrin aránṣọ kan ní Súrùlérè, ní Èkó, ṣe àpẹẹrẹ. Ó dé ibi iṣẹ́ rẹ̀ ní àárọ̀ ọjọ́ Ajé kan, ó bá ìwé kan tí wọ́n fi gọ́ọ̀mù lẹ̀ mọ́ ilẹ̀kùn irin. Ìwé náà sọ pé bí ọjọ́ méje bá ti kọjá, onílé yóò gba kóòtù lọ láti gba ilé rẹ̀ padà. Orúkọ tó wà lórí rẹ̀ kì í ṣe orúkọ aránṣọ yìí. Orúkọ ọkùnrin tó ń ta aṣọ ní apá kejì ṣọ́ọ̀bù náà ni, ẹni tó gba gbogbo ibẹ̀ lọ́wọ́ onílé fún ọdún márùn-ún, tó sì pín in sí méjì, tó wá fún aránṣọ ní ìdajì kan kí òun náà lè rí owó dá padà sápò. Owó tí aránṣọ san fún ọdún yìí ṣì ku oṣù mẹ́rin kó tó tán. Rìsíìtì wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹni tó kọ rìsíìtì náà fún un kò gbé fóònù mọ́ láti ọjọ́ Jímọ́.

Ìbéèrè mẹ́ta ni yóò máa yí lọ́kàn obìnrin yìí bó ṣe dúró síwájú ilẹ̀kùn náà: ṣé mo ní ẹ̀tọ́ láti dúró síbí? Ṣé wọ́n kàn lè wá lé mi jáde? Ta ni yóò dá owó mi padà? Ohun tó ń mú kí ọ̀rọ̀ yìí rú ọ̀pọ̀ ènìyàn lójú ni pé wọ́n ń fi ìdáhùn ọ̀kan dáhùn èkejì. Ẹni tó ní rìsíìtì gbà pé rìsíìtì náà ló fún òun ní ẹ̀tọ́ láti dúró. Onílé tó mọ̀ pé òun kò gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ aránṣọ gbà pé òun lè fi àgádágodo ti ṣọ́ọ̀bù náà pa lálẹ́. Àwọn méjèèjì ló ṣìnà, àṣìṣe wọn sì lè ná wọn lówó ju owó ilé náà lọ.

Kí ọ̀rọ̀ má bàa lọ́ mọ́ra, n ó máa pe ẹni tó gba ilé lọ́wọ́ onílé ní ayálégbé àkọ́kọ́, n ó sì máa pe ẹni tó gbà á lọ́wọ́ ayálégbé àkọ́kọ́ ní ayálégbé kejì. Òfin tí n ó tọ́ka sí jù ni òfin ilé yíyá ti Ìpínlẹ̀ Èkó tí wọ́n ṣe ní ọdún 2011, nítorí pé ó kó ilé ìṣòwò àti ilé gbígbé pọ̀ sábẹ́ ìlànà kan. Òfin náà yọ Apapa, Ìkòyí, Victoria Island àti GRA Ìkẹjà sílẹ̀; ní àwọn àdúgbò wọ̀nyẹn, àdéhùn tí onílé àti ayálégbé jọ kọ ló máa ń wúwo jù. Àwọn ìpínlẹ̀ yòókù ní òfin tiwọn, iye ọjọ́ tí wọ́n ń fún ènìyàn sì lè yàtọ̀, ṣùgbọ́n ìdí ọ̀rọ̀ náà kò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ láti Èkó dé Ìbàdàn.

Ohun kan tún wà tó máa ń da ọ̀rọ̀ rú kí ẹnikẹ́ni tó la ẹnu. Láti oṣù kẹta ọdún 1978, nígbà tí òfin ìjọba àpapọ̀ kó ilẹ̀ ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan sí ìkáwọ́ gómìnà, ẹni tí à ń pè ní onílẹ̀ gan-an ti di ẹni tó ń lo ilẹ̀ lábẹ́ ìjọba. Nítorí náà, bí lọ́yà bá lo ọ̀rọ̀ náà sublease, ìyẹn kí ẹni tó gba ilé tàbí ilẹ̀ lọ́wọ́ ẹnìkan tún fi yá ẹlòmíràn, ó lè jẹ́ èyí tí onílé fúnra rẹ̀ fi fún ayálégbé àkọ́kọ́ ló ní lọ́kàn, èyí tí òfin 1978 ní kí ó gba àṣẹ gómìnà sí. Kì í ṣe ohun tí à ń sọ níhìn-ín nìyẹn. Ẹ bi í kí ó tọ́ka sí èwo lójú ẹsẹ̀, nítorí mo ti rí i tí ènìyàn méjì jọ jiyàn gùn lórí ìwé kan náà láìmọ̀ pé ohun ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni kálukú wọn ń sọ.

Ó yá, kí ni ẹ̀tọ́ ayálégbé kejì? Ohun tí ènìyàn kò ní, kò lè fi ta ẹlòmíràn lọ́rẹ. Ẹ̀tọ́ ayálégbé kejì kò lè fẹ̀ ju ẹ̀tọ́ ẹni tó fún un lọ, kò sì lè pẹ́ jù ú lọ. Bí ó bá ku ọdún méjì fún ayálégbé àkọ́kọ́, kò lè yá ẹnikẹ́ni ní ọdún mẹ́ta, bí ó tiẹ̀ gba owó ọdún mẹ́ta. Kódà, kò lè yá a ní ọdún méjì gérégé: ó gbọ́dọ̀ ṣẹ́ ọjọ́ kan, ó kéré tán, kù fún ara rẹ̀. Bí ó bá gbé gbogbo àkókò tó kù fún ẹlòmíràn pátápátá, òfin kò ní kà á sí pé ó yá ẹnìkan nílé mọ́. Yóò kà á sí pé ó ti gbé ipò ara rẹ̀ fún onítọ̀hún, ohunkóhun tí wọn ì báà kọ sí orí ìwé. Ìyàtọ̀ yìí lè dà bí eré ọ̀rọ̀ lẹ́nu àwọn lọ́yà, ṣùgbọ́n owó wà nínú rẹ̀. Ẹni tó gba ipò ti di ẹni tí onílé lè béèrè owó ilé lọ́wọ́ rẹ̀ tààrà. Ayálégbé kejì ní tirẹ̀ kò jẹ onílé ní gbèsè owó ilé kankan. Ayálégbé àkọ́kọ́ ló ń sanwó fún, ayálégbé àkọ́kọ́ náà ni yóò sì dúró níwájú onílé.

Ẹ wá wo ọ̀rọ̀ àṣẹ, nítorí ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ẹjọ́ ti ń bẹ̀rẹ̀. Òfin 2011 ka ojúṣe ayálégbé sílẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, ó sì fi í sí i pé kò gbọ́dọ̀ yá ẹlòmíràn ní apá kankan nínú ilé náà láìgba àṣẹ onílé ní kíkọ sílẹ̀. Ní kíkọ sílẹ̀. “Onílé mọ̀ mí, ó máa ń kí mi bó bá ń kọjá” kì í ṣe àṣẹ ní kíkọ sílẹ̀. “Kíátékà wọn ló mú mi wọlé” náà kò tó, àyàfi tí ènìyàn bá lè fi hàn pé onílé fún kíátékà náà ní agbára láti ṣe bẹ́ẹ̀. Bí ayálégbé àkọ́kọ́ bá ṣe é láìgba àṣẹ, ó ti rú àdéhùn, onílé sì lè fi ẹ̀sùn yìí nìkan lọ sí kóòtù láti gba ilé rẹ̀, bí ayálégbé àkọ́kọ́ kò tiẹ̀ jẹ ẹ́ ní gbèsè kankan.

Ṣùgbọ́n onílé náà lè fi ọwọ́ ara rẹ̀ ba ẹjọ́ rẹ̀ jẹ́. Bí ó bá mọ̀ pé aránṣọ ti wà nínú ṣọ́ọ̀bù náà, tí kò sọ̀rọ̀, tí ọdún tuntun dé tó tún gba owó ilé lọ́wọ́ ayálégbé àkọ́kọ́, kóòtù lè sọ fún un pé ó ti gbójú fo ohun tó ń fi ẹ̀sùn kàn án. Ìdí nìyí tí lọ́yà fi máa ń kìlọ̀ fún onílé pé, láti ọjọ́ tí o bá ti mọ̀, má ṣe fọwọ́ kan owó mọ́. Ohun tó tún lágbára ju èyí lọ ni kí onílé gba owó lọ́wọ́ ayálégbé kejì fúnra rẹ̀. Nígbà mìíràn, ayálégbé àkọ́kọ́ ló máa ń fà á: owó há a lọ́wọ́, ó wá ní kí aránṣọ kúkú fi owó tirẹ̀ ránṣẹ́ sí àkántì onílé tààrà. Bí onílé bá gbà á, tó sì kọ rìsíìtì ní orúkọ aránṣọ, a lè sọ pé àjọṣe tuntun ti wà láàárín àwọn méjèèjì, nítorí òfin náà gbà pé àdéhùn ilé yíyá lè wà láìjẹ́ pé wọ́n kọ ohunkóhun sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ kékeré tí aránṣọ bá tẹ̀ sí ibi tí báǹkì ní kó ti sọ ohun tí owó wà fún lè di ẹ̀rí tó wúlò jù nínú gbogbo ìwé rẹ̀.

Bí kò bá sí irú àjọṣe bẹ́ẹ̀, a óò padà sí ọ̀rọ̀ àwọn àgbà: bí ìgbín bá fà, ìkarahun a tẹ̀ lé e. Bí àkókò ayálégbé àkọ́kọ́ bá pé, ti ayálégbé kejì pé pẹ̀lú rẹ̀. Bí kóòtù bá gba ilé lọ́wọ́ ayálégbé àkọ́kọ́ nítorí pé kò san owó tàbí pé ó rú àdéhùn, ti ayálégbé kejì náà wó lulẹ̀, bí òun tiẹ̀ ti san tirẹ̀ pé pérépéré. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ló gbà pé èyí kò dára, mo sì gbà pẹ̀lú wọn pé ó korò, ṣùgbọ́n onílé tí kò mọ nǹkan kan nípa owó yẹn kò jẹ̀bi rẹ̀.

Ibì kan wà tí ìkarahun kì í ti í tẹ̀ lé ìgbín. Bí ayálégbé àkọ́kọ́ bá fúnra rẹ̀ lọ bá onílé, tó ní òun kò ṣe mọ́, kí ó gba kọ́kọ́rọ́ rẹ̀, tí onílé sì gbà á bẹ́ẹ̀ kí àkókò tó pé, ẹ̀tọ́ ayálégbé kejì tó wọlé ní ọ̀nà tó tọ́ kò kú. Ó bọ́ sábẹ́ onílé tààrà títí àkókò rẹ̀ yóò fi pé. Ó yẹ bẹ́ẹ̀, nítorí bí kò bá rí bẹ́ẹ̀, onílé àti ayálégbé àkọ́kọ́ lè jọ gbìmọ̀ lẹ́yìn odi kí wọ́n fi ẹni tó ti sanwó síta. Nítorí náà, kí ayálégbé kejì tó gbà pé òun ti pàdánù, ó gbọ́dọ̀ béèrè bí àdéhùn onílé àti ayálégbé àkọ́kọ́ ṣe parí: ṣé àkókò ló pé, ṣé kóòtù ló gbà á, àbí àwọn méjèèjì ló jọ fọwọ́ sí i pé kí ó parí? Ìdáhùn sí ìbéèrè yìí nìkan lè yí ẹjọ́ padà. Bákan náà, níbi tí onílé bá ti ń fi ẹ̀sùn ayálégbé àkọ́kọ́ gba ilé, ayálégbé kejì lè fúnra rẹ̀ bẹ kóòtù pé kí ó jẹ́ kí òun máa bá ilé yíyá náà lọ, bí òun bá ṣetán láti san ohun tó yẹ. Òfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan ti ọdún 1892, tó ṣì ń ṣiṣẹ́ ní Èkó di òní, ló fún un ní àǹfààní yìí. Ọwọ́ adájọ́ ló kù sí. Kì í ṣe dandan kó gbà.

Títí dé ibí yìí, ẹ̀tọ́ láti dúró ni mo ń sọ. Ọ̀nà tí wọ́n lè gbà mú ènìyàn jáde jẹ́ ọ̀rọ̀ mìíràn pátápátá, ibẹ̀ sì ni òfin ti ṣàánú ayálégbé kejì jù. Nígbà tí òfin 2011 ń ṣàlàyé ẹni tó ń jẹ́ ayálégbé, ó ní ayálégbé kejì wà lára wọn, àti ẹnikẹ́ni tó bá ń lo ilé náà, yálà ó ń san owó tàbí kò san. Nítorí náà, bí ẹ̀tọ́ aránṣọ láti dúró bá tiẹ̀ ti tán, kò sí ẹni tó láṣẹ láti ju ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ̀ síta láìgba kóòtù. Ẹni tó bá halẹ̀ mọ́ ayálégbé, tó yọ ọ́ lẹ́nu tàbí tó ba ilé jẹ́ kí ó lè jáde, ẹ̀ṣẹ̀ ló dá, ìjìyà rẹ̀ sì lè dé owó ìtanràn ₦250,000 tàbí ẹ̀wọ̀n oṣù mẹ́fà. Kí onílé fi àgádágodo tirẹ̀ lé tayálégbé, kí ó gé wáyà iná, kí ó yọ páànù orí ṣọ́ọ̀bù, kí ó kó àwọn ọmọ àdúgbò wá: kò sí èyí tí kóòtù fọwọ́ sí nínú wọn. Ọlọ́pàá náà kò ní agbára láti lé ayálégbé jáde nítorí pé onílé kọ̀wé sí tẹ́ṣàn.

Ọ̀nà tí òfin là sílẹ̀ ni ìwé, lẹ́yìn náà kóòtù, lẹ́yìn náà bélíìfù, òṣìṣẹ́ kóòtù tó ń mú àṣẹ ṣẹ. Ìwé àkọ́kọ́ ni èyí tí gbogbo ènìyàn ń pè ní kúìtì nótíìsì. Bí àdéhùn kò bá sọ iye ọjọ́ tí wọn yóò fi kìlọ̀, òfin 2011 sọ ọ́: oṣù kan fún ẹni tó ń san owó oṣooṣù, oṣù mẹ́ta fún ẹni tó ń san ní oṣù mẹ́ta mẹ́ta tàbí oṣù mẹ́fà mẹ́fà, oṣù mẹ́fà fún ẹni tó ń san lọ́dọọdún. Bí ìkìlọ̀ yìí bá pé tí ayálégbé kò jáde, ìwé kejì ni ti ọjọ́ méje, tó ń sọ pé onílé fẹ́ gba kóòtù lọ. Ọjọ́ tí wọ́n mú ìwé náà wá kì í sí lára ọjọ́ méje.

Ṣùgbọ́n bí ó bá jẹ́ pé àkókò kan pàtó ni wọ́n fi gba ilé, tí àkókò náà sì ti pé, òfin kò béèrè kúìtì nótíìsì mọ́. Ìwé ọjọ́ méje nìkan ti tó. Ohun tó dé bá aránṣọ wa nìyẹn. Ọdún márùn-ún tí ọkùnrin aláṣọ gbà ti pé, kò sì sọ fún un. Ìdajì ọdún tí ó rò pé wọn yóò fi kìlọ̀ fún òun kò sí níbì kankan. Bí wọ́n bá ní kí n fa ìlà sábẹ́ ohun kan ṣoṣo nínú gbogbo ọ̀rọ̀ yìí, òun nìyí: kí ẹ tó san owó fún ayálégbé tó fẹ́ pín ṣọ́ọ̀bù fún yín, ẹ ní kí ó fi àdéhùn tirẹ̀ hàn yín, kí ẹ sì wo ọjọ́ tí yóò parí.

Ní ti ilé ìṣòwò, kò pọn dandan kí wọ́n fi ìwé lé ayálégbé lọ́wọ́ gan-an. Wọ́n lè fún ẹni tí wọ́n bá bá níbẹ̀, tàbí kí wọ́n lẹ̀ ẹ́ mọ́ ibi tí ojú ti lè rí i, bí wọ́n bá ní ẹ̀rí pé wọ́n ṣe bẹ́ẹ̀. Èyí ló fà á tí ẹni tó wá lẹ ìwé fi máa ń ya fọ́tò ilẹ̀kùn kó tó lọ. Ẹ má ṣe fa ìwé náà ya. Òun ni yóò sọ fún lọ́yà yín ọjọ́ tí wọ́n ti ń ka ọjọ́.

Ó ti pẹ́ tí àwọn ayálégbé ti ń fi àṣìṣe inú nótíìsì jà: wọ́n ní oṣù kò pé, wọ́n ní orúkọ kò bára mu, ẹjọ́ a sì pa dà sí ìbẹ̀rẹ̀. Ilẹ̀kùn yẹn ti dín kù. Nínú ẹjọ́ Pillars àti Desbordes, tí Ilé Ẹjọ́ Gíga ti Èkó ti dá ní ọdún 2000 tí ayálégbé sì ń pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn lọ, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ní Nàìjíríà sọ ní oṣù kejì ọdún 2021 pé bí nótíìsì àkọ́kọ́ bá tiẹ̀ ní àléébù, ìwé ìpẹ̀jọ́ tí wọ́n fi lé ayálégbé lọ́wọ́ ti tó ìkìlọ̀ fún un. Àwọn adájọ́ náà kò fi ìbínú wọn pa mọ́ sí ẹni tó fi àléébù ìwé jókòó sínú ilé onílé fún ogún ọdún lẹ́yìn ìdájọ́. Èyí kò sọ pé kí onílé má fún ayálégbé ní ìwé mọ́. Ohun tó sọ fún ayálégbé kejì ni pé kí ó má fi gbogbo ẹjọ́ rẹ̀ gbé ka orí pé orúkọ òun kò sí lórí ìwé tí wọ́n lẹ̀.

Bí ẹjọ́ bá dé kóòtù, ibi tí wọn yóò gbé e lọ wà lọ́wọ́ iye owó ilé: kóòtù Májísíréètì ní Èkó lè gbọ́ ọ bí owó ilé ọdún kan kò bá kọjá náírà mílíọ̀nù mẹ́wàá, bí ó bá ju bẹ́ẹ̀ lọ, Ilé Ẹjọ́ Gíga ni. Onílé lè pe ayálégbé àkọ́kọ́ nìkan lẹ́jọ́, ewu sì wà níbẹ̀ fún ayálégbé kejì, nítorí pé àṣẹ kóòtù láti gba ilé kì í mọ ìdajì ti aránṣọ yàtọ̀ sí ìdajì ti aláṣọ. Ọjọ́ tí bélíìfù bá dé, gbogbo ohun tó wà nínú ilé ni yóò kó síta: ẹ̀rọ ìránṣọ, tábìlì ìgéṣọ, àpò aṣọ àwọn oníbàárà tí wọ́n ti san àsansílẹ̀, àti ère onígi tó ṣì wọ léèsì ìyàwó ọ̀ṣìngín. Bélíìfù kò ní dúró gbọ́ àlàyé. Àṣẹ ló wà lọ́wọ́ rẹ̀. Nítorí náà, bí ayálégbé kejì bá ti gbọ́ pé ẹjọ́ ń lọ lórí ilé tó wà, kí ó ní kí lọ́yà kọ̀wé sí kóòtù pé kí wọ́n fi orúkọ òun kún un, kí òun lè sọ tẹnu òun kí ìdájọ́ tó wáyé. Ohun tó rọrùn láti gbà ṣáájú ìdájọ́, bí oṣù méjì láti fi wá ibòmíràn, máa ń le koko lẹ́yìn rẹ̀.

Ẹjọ́ náà tún máa ń wáyé ní ọ̀nà òdìkejì, kí ayálégbé àkọ́kọ́ máa lé ayálégbé kejì. Àwọn ayálégbé kejì máa ń dáhùn pé, “Ìwọ kọ́ lo ni ilé, kí ló kàn ọ́?” Ìdáhùn yìí kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Lójú òfin, ẹni tó ń gba owó ilé lọ́wọ́ rẹ dúró ní ipò onílé sí ọ, ẹni tó sì wọlé nípasẹ̀ ènìyàn kò lè yí padà kí ó wá sọ pé ẹni náà kò ní ẹ̀tọ́ láti mú òun wọlé. Òfin tilẹ̀ sọ ọ́ gbangba pé kóòtù kò ní fọwọ́ sílẹ̀ nítorí pé olùjẹ́jọ́ dárúkọ ẹlòmíràn bí ẹni tó ni ilé. Gbogbo ìlànà ìwé àti ọjọ́ tí mo ti kà sílẹ̀ lókè de ayálégbé àkọ́kọ́ náà. Ó sì ní ìdí tó fi máa ń gbóná jù onílé lọ nígbà mìíràn: bí òun bá kó ẹrù tirẹ̀ jáde, tí ayálégbé kejì sì ṣì jókòó síbẹ̀, kò tíì dá ilé padà fún onílé, onílé sì lè máa béèrè owó ìlò ilé lọ́wọ́ rẹ̀ fún gbogbo ọjọ́ tí ẹni tó mú wọlé bá ṣì wà níbẹ̀.

Kì í ṣe gbogbo ẹni tó wà nínú ṣọ́ọ̀bù ẹlòmíràn ni ayálégbé kejì, ẹ ṣàkíyèsí. Onídìrí tó gba àga kan nínú sálúùnù, oníkáàdì tó gbé tábìlì rẹ̀ sí ẹnu ọ̀nà, ẹni tó ń fi ẹrù rẹ̀ pa mọ́ sí igun kan: àyè ni wọ́n fún ọ̀pọ̀ nínú wọn, wọn kò yá wọn ní ilé. Ohun tí mo máa ń kọ́kọ́ béèrè ni ọwọ́ ẹni tí kọ́kọ́rọ́ wà. Bí ó bá jẹ́ pé ẹlòmíràn ló ń ṣí i fún ọ láàárọ̀ tó sì ń tì í lálẹ́, ó ṣòro kí kóòtù tó gbà pé ìwọ nìkan lo ni ìlò ibẹ̀. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ kò ní ẹ̀tọ́ sí kúìtì nótíìsì oṣù mẹ́fà, bó ti wù kó pẹ́ tó níbẹ̀. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá ti gba àyè náà lọ́wọ́ rẹ̀ tí kò sì jáde, ìwé ọjọ́ méje tọ́ sí òun náà kí wọ́n tó gbé e lọ sí kóòtù.

Ilé ìlàjà tún wà. Citizens Mediation Centre ti Ìpínlẹ̀ Èkó kì í gba owó lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, ohun tí wọ́n bá sì jọ fọwọ́ sí níbẹ̀ lè gba onílé lọ́wọ́ ìrìn àjò kóòtù oṣù bíi mélòó kan. Ohun tí ayálégbé kejì sábà máa ń wá níbẹ̀ ni àkókò. Kí ó má retí pé onílé ni yóò dá owó rẹ̀ padà.

Èyí gbé wa dé orí owó. Oṣù mẹ́rin tí aránṣọ ti san tí kò ní lò, kì í ṣe onílé ló gbà á, kì í ṣe onílé ni yóò san án. Ayálégbé àkọ́kọ́ tó gba owó ọdún kan nígbà tó mọ̀ pé oṣù mẹ́jọ ló kù fún òun ni gbèsè náà wà lọ́rùn rẹ̀, pẹ̀lú ìnáwó ìkóẹrù àti iṣẹ́ tó bọ́ mọ́ aránṣọ lọ́wọ́ nítorí rẹ̀, bí ó bá lè fi ẹ̀rí gbé e ró. Àtúnṣe tó ṣe sí ṣọ́ọ̀bù, táìsì tó tẹ́ àti dígí tó fi síwájú, kò lè béèrè owó rẹ̀ lọ́wọ́ onílé, nítorí òfin fún ayálégbé ní gbà-má-bínú lórí àtúnṣe nígbà tí onílé bá ti kọ́kọ́ fọwọ́ sí i ní kíkọ sílẹ̀ nìkan. Ohun tó lè yọ láìba ilé jẹ́, kí ó yọ ọ́ kí bélíìfù tó dé. Rìsíìtì tí kò lè fi dúró sínú ṣọ́ọ̀bù ní ọjọ́ kan ṣoṣo sí i, òun ni yóò fi bẹ̀rẹ̀ ẹjọ́ kejì, èyí tí kò kan onílé rárá: ọjọ́ wà lórí rẹ̀, iye owó wà lórí rẹ̀, orúkọ ẹni tó gba owó náà sì wà nísàlẹ̀, pẹ̀lú nọ́ḿbà fóònù tí kò gbé mọ́.